Kíjìpá Ìyá Àgbà Lórí Tábìlì Àwọn Ẹni Ńlá

Inú ṣì ń bí mi. Ẹ má sọ fún mi pé ó ti pẹ́. Mò ń jó, mò ń ya àwòrán, mò ń ya fídíò, mo sì ń pa gbogbo rẹ̀ pọ̀ di eré kan ṣoṣo. Iṣẹ́ mi nìyẹn. Ìlú mìíràn á kọ́kọ́ bi mí pé ṣé oníjó ni mí àbí ayàwòrán. Ní Ìkàrẹ́, wọn ò tilẹ̀ béèrè. Oníjó ni wọ́n kọ sínú ìwé ètò, ó parí.

Ọ̀kà ni ìyá tó bí màmá mi ń gbé. Òfì àwọn obìnrin, èyí tó máa ń dúró ti ògiri, wà nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀. Oṣù mẹ́ta gbáko ni mo fi jókòó tì í pẹ̀lú kámẹ́rà, tí mò ń ya ọwọ́ rẹ̀ bó ṣe ń hun kíjìpá. Tara rẹ̀ ni èyí tó hun kẹ́yìn: aṣọ tí wọ́n máa fi sin ín. Aró àti funfun ni, ó ki, ó sì wúwo. Ó ní omi ò gbọdọ̀ kàn án títí di ọjọ́ tí òun bá máa lọ, pé bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílé àwọn nìyẹn. Lẹ́yìn ìyẹn ojú rẹ̀ ò ríran dáadáa mọ́, ó sì fi òfì sílẹ̀.

Èmi ni mo tọrọ aṣọ yẹn. Àwọn ìgbìmọ̀ ọdún ìlú ní Ìkàrẹ́ ti pè mí, mo sì fẹ́ ta á sára ògiri kí fídíò ọwọ́ ìyá àgbà máa hàn lára rẹ̀, kí èmi máa jó níwájú rẹ̀. Ọjọ́ mẹ́rin ni mo fi bẹ̀ ẹ́. Nígbà tó gbà, òun fúnra rẹ̀ ló ká a, ó ní kí n dá a padà bí mo ṣe gbà á. Orí itan mi ni mo gbé e lé lórí ọ̀kadà láti Ọ̀kà dé Ìkàrẹ́. Mi ò jẹ́ kí ọlọ́kadà fọwọ́ kàn án.

Mo ta á sára ògiri láàárọ̀ ọjọ́ ọdún, mo tan ẹ̀rọ, mo rí i pé àwòrán hàn dáadáa. Mo wá wọ yàrá ẹ̀yìn lọ láti fi ẹfun kun ara. Ibẹ̀ ni mo wà tí ọkùnrin tó ń darí ètò, tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì, fi rí i pé aṣọ tábìlì tí wọ́n ń retí láti Ògbàgì ò tíì dé. Ó wo òkè, ó rí kíjìpá. Ó ní kí wọ́n tú u, kí wọ́n tẹ́ ẹ síwájú àwọn ẹni ńlá.

Nígbà tí mo jáde, ìrẹsì àti ìgò mọ́ọ̀tì ti wà lórí rẹ̀. Ẹnì kan ti da ọbẹ̀ ata sí i, epo ti wọ inú òwú lọ. Ọwọ́ ìyá àgbà ń hun aṣọ lórí ògiri lásán. Mo pariwo mọ́ tíṣà yẹn. Ó fi sùúrù dá mi lóhùn, ẹ̀rín ń bẹ lẹ́nu rẹ̀: "Sísítà, ẹ fara balẹ̀. Aṣọ ìbílẹ̀ ló yẹ àwọn àgbà wa, a fi bu iyì fún yín ni." Ó ní àwọn àlejò ti ń dúró, kí n wá jó.

Ṣé ẹ mọ ohun tí mo ṣe? Mo jó. Mo jó láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, nítorí mo fẹ́ kí wọ́n tún pè mí. Tíṣà yẹn ò mọ aṣọ tó fọwọ́ kàn. Èmi mọ̀.

Ní Ọ̀kà, ìyá àgbà gbé kíjìpá sún mọ́ imú. Kò bú mi, ì bá tiẹ̀ bú mi. Ó ní, "Ìwọ tó o wo ọwọ́ mi fún oṣù mẹ́ta, jókòó sídìí òfì, kó o hun òmíràn."

Mo jókòó. Mi ò mọ ibi tí wọ́n ti ń bẹ̀rẹ̀. Mo ti ń pe ara mi ní ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ dá lórí aṣọ híhun níbi gbogbo, mi ò sì lè ta òwú sórí òfì. Inú bí mi sí ara mi ju bó ṣe bí mi sí tíṣà lọ. Màmá mi ló bá mi ta á. Ohun tí mo bá hun láàárọ̀, ìyá àgbà á fọwọ́ pa á wò lọ́sàn-án, á ní kí n tú u.

Ó kú nígbà tí tèmi ò tíì ju ìgbọ̀nwọ́ méjì lọ. Àwọn obìnrin ilé tẹ́ kíjìpá ti àkọ́kọ́ sílẹ̀ láti fi wé e. Ẹ̀gbọ́n màmá mi yíjú sí mi, ó ní, "Ìwọ lo mọ ibi tí epo yẹn wà. Fi hàn wá, ká lè yí i sínú."

Mo nawọ́ sí i.