Ọbẹ̀ Yànmọ̀tí Aláago

Lọ́jọ́ tí Aláago, ọkọ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, sọ ilé ìdáná di èéfín, káfíńtà òdìkejì ló fẹsẹ̀ ti ilẹ̀kùn wọlé. Kò bèèrè, kò wò, ó da odindi garawa omi lu ibi tí èéfín ti ń rú. Aláago fúnra ẹ̀ ló bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ níbẹ̀.

Ó tutù látòkè délẹ̀. Awò tó fi ń wo inú aago ṣì há sójú ẹ̀. Ó na ẹ̀mú sókè, hóró yànmọ̀tí kan ṣoṣo ló wà lẹ́nu ẹ̀mú náà.

"Ẹ wo bó ṣe pọ́n! Ṣé ẹ rí i pé kò jóná?"

Lóòótọ́, kò jóná. Hóró kan yẹn ló fi awò ṣọ́ látìgbà tó ti gbé páànù kaná. Nígbà tó máa rántí àwọn yòókù, aṣọ ò bá Ọmọ́yẹ́ mọ́. Gbogbo ẹ̀ ti di èédú.

Wọ́n ní ká má sọ̀rọ̀ òkú láìdáa. Ó dáa, ṣùgbọ́n ta ló rán alátùn-ún-ṣe aago sídìí ọbẹ̀? Alásè kan láti Japan, tó ń se oúnjẹ nínú ọkọ̀ ojú omi, ló gbé aago wá kó bá òun tún un ṣe. Inú ọkùnrin náà dùn, ó fún un ní ẹ̀fọ́ bíbọ̀ tí wọ́n da ọbẹ̀ yànmọ̀tí lé lórí. Wọn ò gbọ́ èdè ara wọn, ọwọ́ ló fi júwe ẹ̀: yan yànmọ̀tí, lọ̀ ọ́, fi omi ẹ̀wà sóyà dúdú tó níyọ̀ sí i, àti ṣúgà, àti fínígà díẹ̀. Ó tán. Ṣe-ká-rí-mi tí kò lè bọ ẹyin wá sọ ara ẹ̀ di ará Japan.

Ó ní abọ́ tí wọ́n fi ń lọ̀ ọ́ lọ́hùn-ún máa ń ní ilà nínú. Ló bá gbé abọ́ amọ̀ tí ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ràn jù, ó fi irin iṣẹ́ ẹ̀ ha inú ẹ̀ yíká. Ẹ̀gbọ́n mi tọ́ ọbẹ̀ ọjọ́ náà wò, eyín ẹ̀ ń dún kẹ̀rẹ̀kẹ̀rẹ̀ lórí yanrìn amọ̀.

"Báwo ni?"

"Abọ́ mi lẹ fún mi jẹ yìí."

"Yàtọ̀ sí abọ́ ńkọ́?"

"Ó kù díẹ̀."

"Ó kù díẹ̀" yẹn ló gbé e dé ibi tó gbé e dé. Ẹ̀gbọ́n mi kì í parọ́ tu èèyàn nínú, ọkọ ẹ̀ sì mọ̀. Ohun kan ṣoṣo tó ń wá ni kí obìnrin yẹn lá ọbẹ̀ náà, kó ní ó dùn. Tẹ́lẹ̀, tó bá ti lọ sí ṣọ́ọ̀bù láàárọ̀, ó di alẹ́, ìyàwó ẹ̀ á dá jẹun. Látìgbà tí ọ̀rọ̀ ọbẹ̀ ti dé, ọ̀sán ò ní í tíì rọ̀ tí ọkọ á ti wà lórí àpótí nídìí ààrò, tí wọ́n á jọ máa jiyàn lórí ṣúgà, tí wọ́n á sì máa rẹ́rìn-ín. Èmi ń yínmú ní tèmi.

Tó o bá lọ gba aago lọ́dọ̀ ẹ̀, wàá kọ́kọ́ lá ọbẹ̀. Káfíńtà lá tiẹ̀, ó pariwo, "Bàbá, ó dùn ju oyin lọ!"

"Òpùrọ́! Aago ẹ lò ń wá. Ta ló tiẹ̀ bi ẹ́? Ẹnu ìyàwó mi ni mò ń wò."

Kò sì fún un ní aago.

Bó ṣe kú nìyẹn, kò gbọ́ "ó dùn" lẹ́nu ìyàwó ẹ̀. Nígbà tí àwọn tó wá kí wa lọ tán, ẹ̀gbọ́n mi gbé abọ́ onílà náà jáde, ọbẹ̀ tí ọkọ ẹ̀ ṣe kẹ́yìn ló wà nínú ẹ̀. Mo ti múra àtiyọ ṣùtì. Mo fi búrẹ́dì tọ́ ọ. Háà!

"Ẹ̀gbọ́n mi, ọbẹ̀ yìí mà dùn!"

"Mo mọ̀. Ó ti pẹ́ tó ti ń dùn."

"Ẹ sì ń wò ó níran? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ kì í parọ́!"

"Irọ́ kan ṣoṣo tí mo pa láyé mi ni 'ó kù díẹ̀' yẹn. Ìwọ náà, ṣé o rí aago kan rí tó tún ṣe tán, tó tún padà wò? Tí mo bá ní ó dùn, ṣọ́ọ̀bù ló ń padà sí yẹn."

Ó wo àpótí tó ṣófo nídìí ààrò.

"Ó dùn, ọkọ mi," ló wí. "Ó dùn gan-an ni."

Ó bú sẹ́rìn-ín, omi sì ń bọ́ lójú ẹ̀. Àárò ọkùnrin yẹn sọ mí, mi ò ní í purọ́. Mo fi búrẹ́dì nu abọ́ náà mọ́ tónítóní. Yanrìn díẹ̀ ṣì wà nínú ẹ̀. Mo gbé e mì.