Ọkọ̀ Òfuurufú Ẹ̀gbọ́n Mi

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, aránbàtà kan ní Onípanu ṣí gọ́ọ̀mù lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Òórùn rẹ̀ gbé mi padà sí ọ̀sán ọjọ́ kan tí mo wà lọ́mọ ọdún méje.

Àlejò kún ilé wa ní Ṣómólú. Wọ́n ní ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ti rìnrìn àjò. Bàbá mi ti òde dé, amọ̀ pupa wà létí jalámíà wọn. Wọ́n gbé ọkọ̀ òfuurufú kékeré tí ẹ̀gbọ́n mi fi fóòmù ṣe, wọ́n fà mí lọ́wọ́, ó di etí ọ̀sà ní Bàrígà.

Èéfín ẹja ń ta wá lójú. Bàbá ò mọ bí wọ́n ṣe ń to ọkọ̀ náà pọ̀. Èmi mọ̀ ọ́n.

"Ẹ fi rọ́bà de apá rẹ̀," ni mo wí. "Ẹ wá fi gọ́ọ̀mù lẹ ẹsẹ̀ tó fi ń léfòó."

"Kí lẹ̀gbọ́n ẹ tún máa ń ṣe?"

"Wọ́n máa ń fi rìmóòtù mi ìrù rẹ̀ wò. Wọ́n máa ń súfèé."

"Kí ló máa ń sọ?"

"Wọ́n ní lọ́jọ́ kan, àwọn máa ṣe èyí tó máa gbé èmi náà."

Bàbá tẹ ẹsẹ̀ ọkọ̀ náà mọ́ ibi tí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́, wọn ò tètè gbọ́wọ́ kúrò.

Ó pẹ́ kí n tó mọ̀ pé àárọ̀ ọjọ́ yẹn ni wọ́n sin ẹ̀gbọ́n mi.

Bàbá gbé rìmóòtù lé mi lọ́wọ́. Ọkọ̀ náà sáré lórí omi, ó gbéra.

"Bàbá, ẹ wò ó! Inú Bọ̀dá máa dùn!"

Bàbá mi ò gbójú sókè. Èmi ni wọ́n ń wò.