Òkè wo ni àbúrò mi gùn ní Kisoro?

Ẹ̀yin ènìyàn mi, díẹ̀ ló kù kí n ya wèrè láàárọ̀ yìí.

Ọjọ́ kejì rèé tí mi ò gbúròó Tóyìn, àbúrò mi obìnrin tó lọ wo ìnàkí ní Kisoro, ní Uganda. "Mo ń lọ gun òkè" ni text tó fi ránṣẹ́ kẹ́yìn.

Mo já ọmọ mi sí daycare ní Skyview Ranch, àdúgbò wa nílùú òyìnbó níbí, mo jókòó sínú mọ́tò nínú snow, mo pe hotel tó wọ̀ sí.

Obìnrin tó gbé fóònù ní, "Òkè wo, madam? Mẹ́ta la ní níbí: Muhabura, Gahinga, Sabinyo."

Mi ò mọ̀! Mo bú sẹ́kún. Ó ní kí n fara balẹ̀, òun á bi àwọn tó ń mú àlejò gòkè.

Wákàtí méjì lẹ́yìn náà, Tóyìn fúnra rẹ̀ pè. Ẹ̀rín ló ń rín!

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má bínú, battery ló kú. Muhabura ni mo gùn. Adágún omi wà lórí ẹ̀ gan-an! Ọ̀la ni Sabinyo, èyí tí wọ́n ń fi àkàbà gùn."

Àkàbà kẹ̀?

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ní àbúrò olóríkunkun, ẹ gbà mí o. Kí ni mo lè sọ tí kò fi ní lọ?