Òkè Aladania Tí Areti Ní Kí Wọ́n Jó

Ní oṣù keje, tí oòrùn erékùṣù Kírétè wa bá mú débi pé ajá gan-an ń wá abẹ́ mọ́tò sá sí, ìgbà yẹn ni Areti máa ń jáde nílé. Ẹ má bi mí bóyá orí rẹ̀ pé. Orí rẹ̀ pé ju tèmi lọ. Aladania, igi kúkúrú tó kún òkè wa yìí, kì í làágùn láàárọ̀, kì í làágùn nírọ̀lẹ́. Ọ̀sán gangan ni oje ń yọ sára ewé rẹ̀, ẹni tó bá sì fẹ́ oje gbọ́dọ̀ fara da ọ̀sán. Areti á gbé ọ̀pá gígùn tí wọ́n so ọ̀já awọ mọ́ lórí, á máa fi awọ náà gbá orí igbó lọ, á gbá a bọ̀, títí oje á fi lẹ̀ mọ́ ọn dúdú. Tó bá délé, á fi ọ̀bẹ ha á, á ṣù ú ní ìṣù-ìṣù. Àwọn tó ń ṣe tùràrí àti lọ́fínńdà ló ń rà á lọ́wọ́ rẹ̀.

Ọmọ apẹja ni. Ọkọ rẹ̀, Stratis, ló kọ́ ọ níṣẹ́ yìí nígbà tó wọlé bí ìyàwó, òórùn oje náà kò sì kúrò nírun rẹ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà. Àwọn obìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ a máa yọ ọ́ lẹ́nu nídìí kànga: "Areti, jọ̀ọ́, sún sọ́hùn-ún, ò ń rùn bíi ṣọ́ọ̀ṣì!" Òun náà á dá wọn lóhùn: "Tí mo bá ń rùn bíi ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ kúnlẹ̀ kẹ́ẹ tọrọ ìdáríjì, ẹ̀ṣẹ̀ yín pọ̀."

Stratis kú. Àwọn yòókù tó ń gba oje lọ ṣiṣẹ́ ní òtẹ́ẹ̀lì etí òkun. Ó ku òun nìkan. Míro, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo, ń ṣiṣẹ́ iná mànàmáná ní ìlú Iráklio, ó sì ti ní yàrá kan fún un nínú ilé alájà mẹ́ta tó ń gbé. Areti kọ̀ jálẹ̀. Ó ní, "Ọjọ́ tí òkè yìí ò bá bọ́ mi mọ́, kóo wá gbé mi. Kó tó dìgbà yẹn, fi mí sílẹ̀ nílé bàbá ẹ."

Ó ti lé lọ́gọ́rin ọdún nígbà tí igbó náà darúgbó mọ́ ọn lọ́wọ́. Aladania àgbà á le, ewé rẹ̀ á wọ́n, awọ á sì gbá orí rẹ̀ títí láìmú nǹkan wálé. Oògùn tí àwọn baba wa mọ̀ fún un ni iná. Bí iná bá jó igbó àgbà, irúgbìn tó ti sùn sínú ilẹ̀ á jí, ọmọ á hù. Ṣùgbọ́n díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n ń jó o, kí ìyókù lè máa bọ́ wọn. Wọn kì í sì í ṣáná sí i láìjẹ́ pé òjò àkọ́kọ́ lẹ́yìn ẹ̀ẹ̀rùn ti mú kí ilẹ̀ rin gbingbin.

Ní ọjọ́ Dìmítírì Mímọ́, ní ìparí oṣù kẹwàá, tí gbogbo ilé ń ṣí àgbá wáìnì tuntun, òjò díẹ̀ ti rọ̀ lóru. Areti lọ bá Manúsos darandaran, ẹni tóun náà ń wá koríko tuntun fún àgùntàn rẹ̀.

"Manúsos, òní ni. Apá òkè lọ́hùn-ún nìkan, títí dé ọgbà òkúta."

"Ìyá Míro, òjò yìí ò tó. Eruku lásán ló pa."

"Bàtà mi rin."

"Ìrì nìyẹn! Ẹ jẹ́ ká dúró de òmíràn."

"Kí n dúró kẹ̀? Míro ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú wá gbọ́ bóyá mo máa bá òun lọ sí Iráklio. Kí n sọ fún un pé òkè mi ti kú? Àbí ẹ̀rù ń bà ẹ́ ni? Bàbá ẹ ò bẹ̀rù iná báyìí o."

Kò yẹ kó sọ ọ́. Wọn kì í sọ irú ọ̀rọ̀ yẹn sí ọkùnrin ilẹ̀ wa, pàápàá tó ti mu wáìnì, kó má dìde. Manúsos mú ìṣáná.

Iná náà kọ́kọ́ gbọ́ràn. Ó ń jẹ apá òkè lọ jẹ́jẹ́, Areti sì dúró tì í pẹ̀lú ẹ̀ka igi tútù lọ́wọ́. Àfi bí afẹ́fẹ́ gúúsù ṣe dé, èyí tó máa ń gbé iyanrìn Áfíríkà sọdá òkun wá bá wa. Ó gbé iná fo ọgbà òkúta. Yéè! Oje tó ti ń bọ́ obìnrin yìí láti ìgbà ìyàwó, òun gan-an ló ń ran iná lọ́wọ́. Àwọn àgbà ní a kì í fi iná sórí òrùlé sùn. Areti ò kúkú sùn, ojú rẹ̀ là kedere, bẹ́ẹ̀ náà ló sì ń wò ó títí gbogbo òkè fi dúdú dé etí títì. Àgùntàn Manúsos púpọ̀ bá a lọ. Fún ọjọ́ mélòó kan, òórùn tùràrí bo abúlé wa bí ẹni pé à ń sìnkú.

Míro dé lọ́jọ́ Àìkú. Kò jágbe. Ìyá rẹ̀ bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kóun wo ìgbà òjò ná, ó sì gbà.

Ìgbà ìrúwé dé, ọmọ aladania hù bí irun orí ọmọ tuntun. Areti rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ yẹn, mo fojú mi rí i. Ó ń na ìka sí àwọn ọmọ igi náà láti ojú títì bí aláìsàn tí ara rẹ̀ yá. Ṣùgbọ́n nígbà tí oṣù keje padà dé, tó gun òkè lọ́sàn-án gangan, igi tó ga jù níbẹ̀ ò ju ọrùn ẹsẹ̀ lọ. Manúsos bá a níbi tó jókòó sí.

"Ìyá Míro, ẹ dìde. Ó di ọdún mẹ́ta, mẹ́rin, kí oje tó dé ara wọn."

"Mo mọ̀," ló wí. "Ta ló kọ́ ẹ?"

Àwọn aládùúgbò ń gbé búrẹ́dì gbígbẹ àti ẹ̀wà lọ fún un. Ó ń jẹ ẹ́, ojú sì ń tì í. Àwọn kan wà níbí tó ń sọ pé ó yá a lára jù ni òkè náà fi jóná; kí Ọlọ́run dákun fún wọn ní ẹnu mìíràn. Ó dùn mí dọ́kàn. Ẹ̀pa ò bóró mọ́, òun fúnra rẹ̀ ló ránṣẹ́ sí ọmọ rẹ̀ pé kó wá gbé òun.

Nígbà tí mọ́tò dé ìdí òkè, Míro dúró kó lè tù ú nínú.

"Ẹ wò ó, Màámi. Ó ti ń padà. Tó bá ti dàgbà, mo máa gbé yín padà wá."

Areti wò ó títí, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀, kò nù ún.

"Òótọ́ ni, ọmọ mi, ó ń padà. Èmi ni mi ò ní padà. Wa mọ́tò."