Dalenda Gba Tẹlifíṣàn Pálọ̀

Ọdún mọ́kànlélógún ni Dalenda fi ya àwòrán ilé ní ọ́fíìsì kan ní Sfax, kí ọ̀gá rẹ̀, Moncef, tó sọ fún un pé ojú rẹ̀ ti ń di bàìbàì, kó lọ sinmi. Dalenda ò bẹ̀ ẹ́. Ó kó rúlà rẹ̀, ó gba ilé lọ.

Kò pẹ́ tí Slim oníbúrẹ́dì fi wá a wá. Ọ́fíìsì Moncef ti ya ilé ààrò tuntun fún un, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ ò balẹ̀ sí i, ó ní kí Dalenda tún un yà. Kọ̀ǹpútà kékeré kan ṣoṣo ló wà nílé, ìlà inú rẹ̀ tín-ín-rín bí irun. Dalenda bá ra wáyà, ó fi so ó mọ́ tẹlifíṣàn pálọ̀. Ó tẹ́ àwòrán sórí tẹlifíṣàn, ó fi ìwé ìwọ̀n sílẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà, iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀.

Khadouja, ìyá ọkọ rẹ̀, fárígá. Ó ní eré ọ̀sán òun ńkọ́? Dalenda fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ fún un pé títí di ìrọ̀lẹ́, òun Dalenda ló ni tẹlifíṣàn. Ìyá jókòó tì í, ó ń bó ẹ̀wà tútù, ó ń kùn.

Ní ọjọ́ kẹrin, Moncef gbọ́, òun fúnra rẹ̀ sì dé. Wọ́n fún un ní kọfí.

Ó ní, "Dalenda, fiṣẹ́ yẹn sílẹ̀. Tẹlifíṣàn kọ́ la fi ń kọ́lé."

Dalenda ṣí àwòrán tí ọ́fíìsì Moncef yà fún Slim sórí tẹlifíṣàn, ó fọwọ́ kan ibì kan níbẹ̀.

"Ẹ wò ó, ọ̀gá. Ihò èéfín yín gba àárín igi ìdábùú tó gbé yàrá òkè dúró. Ẹ̀yin lẹ fọwọ́ sí i. Nínú èmi àtẹ̀yin, ojú ta ló ń di bàìbàì?"

Moncef ní àwọn ọmọ iṣẹ́ ló yà á.

Khadouja ò gbójú sókè nídìí ẹ̀wà. "Èmi tí mi ò mọ̀wé, mo rí i láti ibi tí mo jókòó sí."

Kọfí ọ̀hún tutù sínú ife.

Moncef kọ̀ láti bá a tẹ òǹtẹ̀ àṣẹ ẹnjiníà sí àwòrán tuntun, Dalenda sì wá ẹnjiníà mìíràn tó tẹ̀ ẹ́. Wọ́n kọ́ ilé náà, wọ́n sì dáná sí ààrò kí Ramadan tó wọlé. Lẹ́yìn ààwẹ̀, Moncef ránṣẹ́ pé kí Dalenda padà wá síṣẹ́. Dalenda ní kí wọ́n sọ fún un pé òun ò wá. Ọjọ́ náà ló kan pátákó mọ́ ẹnu ọ̀nà: Dalenda, Ayàwòrán Ilé.