Ojú Sugani Lábẹ́ Igi Dongoyárò

Ohun tí ó sú Sugani kò ju ọ̀kan lọ: fóònù fẹ́ rí ojú rẹ̀, àwọn àgbà kò sì gbọdọ̀ rí i.

Òun ni olùtọ́jú àwọn ọmọ wẹ́wẹ́ ní abúlé wọn ní Rajasthan, ní ilẹ̀ Íńdíà. Òun ni ó ń bọ́ wọn láràárọ̀, tí ó sì ń kọ́ wọn lórin. Tẹ́lẹ̀, ìwé ni ó máa ń buwọ́ lù pé òun ti dé ibi iṣẹ́. Nísinsìnyí, ìjọba ní kí ó gbé fóònù síwájú ojú, kí fóònù fúnra rẹ̀ jẹ́rìí. Ibi kan ṣoṣo tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì sì ń dé ni abẹ́ igi dongoyárò, níbi tí baba ọkọ rẹ̀, Hukmaram, àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń fa tábà láti òwúrọ̀. Ìyàwó ilé kì í ṣí ìbòjú níwájú wọn; kì í sì í bá baba ọkọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ tààrà.

Kò sí ohun tí Sugani kò tíì ṣe. Ó gun òrùlé, nẹ́tíwọ́ọ̀kì kò gbà. Ó fa ìbòjú sókè díẹ̀ kí ojú kan lè yọ, fóònù ní òun kò mọ̀ ọ́n. Ó kọ ẹ̀yìn sí àwọn bàbá náà, láwàní wọn yọ lẹ́yìn rẹ̀ nínú àwòrán, fóònù ní èèyàn ti pọ̀ jù. Ọ̀gá rẹ̀ obìnrin tó wà nígboro sì ti pè é: bí ojú rẹ̀ kò bá tún hàn lónìí, ẹlòmíràn ni yóò gba iṣẹ́ náà. Ó bẹ ìyá ọkọ rẹ̀, Gulabi, kí ó bá òun sọ fún bàbá. Gulabi ní òun bo ojú títí irun òun fi funfun, kò sì sí fóònù tí ó béèrè òun.

Ni Sugani bá fa ìbòjú dé àyà, ó gba abẹ́ igi lọ, ó dúró ti ewúrẹ́ tí wọ́n so síbẹ̀.

“Ewúrẹ́, jọ̀wọ́, bá mi sọ fún bàbá pé àwọn fúnra wọn ni wọ́n wá iṣẹ́ yìí fún mi. Ó ti fẹ́ bọ́ báyìí. Ojú kan ṣoṣo ni mo ní. Mi ò lè ṣí i kí n sì tún bò ó.”

Mangilal, ọ̀kan nínú àwọn bàbá náà, rẹ́rìn-ín sínú irùngbọ̀n. “Hukmaram, ewúrẹ́ ń bá ọ wí.”

Hukmaram húkọ́. “Ewúrẹ́, bi í pé kí ló fẹ́ ká ṣe. Ká wọlẹ̀ lọ ni?”

“Ewúrẹ́, sọ fún wọn pé kò tó bẹ́ẹ̀. Kí wọ́n sáà kọjú sí ògiri ẹ̀yìn wọn yẹn díẹ̀.”

“Èmi náà?” Mangilal kò rẹ́rìn-ín mọ́. “Kí n kọjú sí ògiri bí ọmọ iléèwé tí tíṣà ń fìyà jẹ?”

“Ọmọ-ọmọ rẹ ń jẹun lọ́wọ́ rẹ̀ láràárọ̀,” ni Hukmaram wí. “Yí padà, jàre.”

Wọ́n yí padà lọ́kọ̀ọ̀kan, orúnkún ń dún, ìkùnsínú ń lọ. Sugani kọjú sí ẹ̀yìn wọn, ó ṣí ojú. Fóònù gbà á.

Láti ọjọ́ náà, kí Sugani tó dé, àwọn àgbà a ti kọjú sí ògiri. Mangilal a máa kùn pé ìyàwó yìí ti pẹ́, iná tábà òun ń kú lọ. Wọ́n sì ń sọ ọ́ káàkiri pé ọpẹ́lọpẹ́ àwọn ni iṣẹ́ kò fi bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Gulabi ní kí ó lọ kúnlẹ̀ dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Sugani lọ, ó kúnlẹ̀, ó dúpẹ́. Ọpẹ́ ìbòjú ni, kò sẹ́ni tí ó rí bí ó ṣe fún ojú pọ̀ lábẹ́ rẹ̀.