Yànmọ̀tí Tí A Kò Gbọdọ̀ Yan

Nígbà tí mo wà ní kékeré, tọ́rọ́ kan péré ń ra ẹ̀pà tó kún àwo, ẹlẹ́pà á sì tún bu ènì lé e. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo ná ẹ̀pà lọ́jà Àkúrẹ́. Iye tí obìnrin náà pè é, mo ní kó tún un pè, bóyá etí mi ni. Ó tún un pè. Nígbà tí bàbá mi ń ṣe tíṣà, iye yẹn ju owó oṣù rẹ̀ lọ. Yànmọ̀tí ńkọ́? Wọ́n dì í sínú ọ̀rá kékeré bí oògùn, owó rẹ̀ sì ju ti ẹ̀pà lọ.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ owó ọjà kọ́ ni mo fẹ́ bá yín sọ, ẹ̀yin ọmọ mi. Ọmọ-ọmọ mi obìnrin ló rán mi lọ́jà. Ó rí oúnjẹ kan nínú fóònù rẹ̀, ó ní ti àwọn ará Íjíbítì ni: ẹ̀pà àti yànmọ̀tí tí wọ́n yan, tí wọ́n gún pọ̀ mọ́ èròjà olóòórùn dídùn. Ó ní dúkà ni wọ́n ń pè é. Ó ń ṣàlàyé rẹ̀ fún mi pẹ̀lú sùúrù, bí èèyàn ti ń ṣàlàyé fún arúgbó. Kò mọ̀ pé mo ti jẹ ẹ́ kí wọ́n tó bí ìyá rẹ̀.

Ọmọ Oǹdó ni wá, ṣùgbọ́n Àkúrẹ́ ni iṣẹ́ tíṣà gbé bàbá mi lọ, a sì gba yàrá sílé ìyá arúgbó kan ní ọ̀nà Ọ̀gbẹ̀sẹ̀. Ọmọ Àkúrẹ́ gidi ni ìyá onílé yìí. Kì í pa ìsìn ọjọ́ Ìsinmi jẹ, iwájú ló sì máa ń jókòó sí nínú ìjọ, ṣùgbọ́n ohun tí ìyá rẹ̀ ti sọ fún un nígbà èwe, kò jù ú sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì. Àwa ọmọ mẹ́ta la wà nílé wa: ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin, èmi, àti àbúrò wa obìnrin tí kò tíì tó ilé-ìwé í lọ.

Yàrá tó wà lẹ́yìn ilé, ọkùnrin ará Íjíbítì kan ló ń gbé ibẹ̀ pẹ̀lú ìyàwó rẹ̀. Ọkùnrin náà ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò ní ilé-ìwé gíga kan nílùú. Wọn kò tíì bímọ. Àwọn ọmọ àdúgbò ń pe obìnrin náà ní Ìyàwó Fáráò, nítorí Íjíbítì kan ṣoṣo tí a mọ̀ ni ti inú Bíbélì. Àwa ń pè é ní Àǹtí. Ọ̀dọ̀ ìyá mi ló ti kọ́ Yorùbá, nítorí náà Yorùbá Oǹdó ló ń sọ. Bó bá dé ọjà tó bẹ̀rẹ̀ sí í ná nǹkan, àwọn obìnrin Àkúrẹ́ á máa rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní, "Ọmọ Oǹdó funfun ti dé o!" Wọ́n á sì dín owó fún un nítorí ẹ̀rín. Kò mọ̀ pé ẹ̀yin là ń wí fún àgbà. Gbogbo ayé ló ń pè ní "o", títí dórí ìyá onílé.

Ibi ìdáná rẹ̀ ni àbúrò mi ń gbé. Bí wọ́n bá ń wá ọmọ náà, ẹ̀bá ààrò Àǹtí ni kí ẹ lọ. Ibẹ̀ ni mo ti mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe dúkà.

Àǹtí kì í yan ohun gbogbo pọ̀. Ẹ̀pà ló kọ́kọ́ ń lọ sínú agbada, lórí iná tí kò le, á máa rò ó títí èèpo rẹ̀ á fi máa bó fúnra rẹ̀. Á dà á sórí atẹ, àbúrò mi á fi ọwọ́ kékeré rẹ̀ ra á, á fẹ́ èèpo rẹ̀ dànù, èèpo á sì kún irun orí rẹ̀. Yànmọ̀tí ló kàn. Èyí kì í fẹ́ kí ojú ẹni kúrò lára rẹ̀ rárá. Bó bá ti ń ta nínú agbada, tó pọ́n díẹ̀, kíá ni wọ́n ń gbé e kúrò lórí iná, torí bó bá jóná, ìkorò ló kù. Lẹ́yìn rẹ̀ ni àwọn kóró kan tí ìyá Àǹtí máa ń fi ránṣẹ́ láti ìlú wọn, tí òórùn wọn máa ń gba gbogbo àgbàlá. Ohun tí Àǹtí sì máa ń tẹnu mọ́ jù ni pé kí gbogbo rẹ̀ tutù kó tó wọ odó. Ìyá mi kò gbà á gbọ́. Ó gún un ní gbígbóná lọ́jọ́ kan, òróró jáde lára ẹ̀pà, gbogbo rẹ̀ sì lẹ̀ pẹ̀tẹ̀pẹ̀tẹ̀ mọ́ ìdí odó. Àǹtí yọjú wò ó, ó ní, "Ìyá, o se ọbẹ̀!" Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi jókòó sílẹ̀.

Bó bá ti tutù, wọ́n á rọra gún un pẹ̀lú iyọ̀, wọn kò ní jẹ́ kó kúnná tán. A ó ya búrẹ́dì, a ó tì í bọ òróró, a ó tún tì í bọ dúkà. Ẹ̀yin ọmọ mi, mo ti jẹun ní ibi púpọ̀ láti ìgbà náà.

Lẹ́yìn náà ni ọdún líle dé. Ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀, ó sì jà dé Òrè, tí kò jìnnà sí ìlú wa. Ìjọba gbé bàbá mi lọ sí ilé-ìwé kan ní Oǹdó, bàbá mi sì ní kí àwa dúró sí Àkúrẹ́ títí ọ̀nà á fi rọ̀, nítorí àwọn sójà ń dá ọkọ̀ dúró, wọ́n ń tú ẹrù, wọ́n sì ń mú ẹni tí wọ́n bá fẹ́ mú. Iyọ̀ wọ́n. Ẹran kúrò nínú ìkòkò wa, ẹja tẹ̀ lé e. Ogun ti jà ní ìlú Àǹtí náà lọ́dún yẹn kan náà, ẹrù tí ìyá rẹ̀ ń fi ránṣẹ́ kò sì dé mọ́. Ìyá mi ló mú ìyèré àti èèrú jáde nínú ìkòkò tirẹ̀, tó ní kó fi rọ́pò. Àǹtí tọ́ ọ wò, ó mi orí pé ó dára. Láti ìgbà náà, dúkà di oúnjẹ ilé wa. A fi jẹ iṣu, a fi jẹ ẹ̀kọ, a fi jẹ kókò. Òun ló gbé wa ró nígbà tí kò sí ohun mìíràn tí ọmọ lè fi lókun.

Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn mú, ìgbóná, àrùn burúkú tó ń sú síni lára, wọ ìlú. Àwọn àgbà kì í pe orúkọ rẹ̀, "Ilẹ̀ gbóná" ni wọ́n ń wí. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Àǹtí àti ìyá mi ń yan yànmọ̀tí, ìyá onílé sì jáde láti yàrá rẹ̀, ó ń fi imú fa afẹ́fẹ́.

"Ìyàwó tíṣà, òórùn kí ni mò ń gbọ́ nínú ulé mi yìí?"

"Yànmọ̀tí ni, Ìyá."

"Yànmọ̀tí! Nígbà tí ilẹ̀ gbóná! Ṣé ẹ fẹ́ pè é wọlé ni?"

Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí kò mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n ní ayé ìgbà náà, èèwọ̀ ńlá ni. Wọ́n gbà pé Olóde, ẹni tó ni ìgbóná, kórìíra yànmọ̀tí, àti pé bí òórùn rẹ̀ bá kàn án nínú ilé kan, pẹ̀lú ìbínú ni yóò fi yà síbẹ̀. Ìyá onílé yíjú sí Àǹtí. "Ìwọ náà, ṣé kì í ṣe ìlú yín ni oówo ti bo èèyàn àti ẹran lára nínú Bíbélì?"

Àǹtí kò gbọ́ ju ìdajì lọ. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó sún àpótí sí i. "O jókòó, Ìyá. O jẹ díẹ̀."

Ẹ̀gbọ́n mi bú sẹ́rìn-ín, èmi náà bá a rín, títí ìyá mi fi wò wá. Ó gbé agbada kúrò lórí iná. Èyí tí wọ́n ti yan àti èyí tí wọn kò tíì yan, gbogbo rẹ̀ ló kó lọ dà sí ṣáláńgá. Ìyá onílé bu omi tútù, ó wọ́n ọn sí ẹnu ọ̀nà gbogbo. Ó ní, "Ó dáa. Ulé ti tutù."

Kò pẹ́ sí i ni àwọn oníṣẹ́ ìlera dé pápá tó wà nítòsí wa. Bupá ni wọ́n wá ṣe, èyí tí wọ́n ń fi abẹ́rẹ́ ha apá ènìyàn kí ìgbóná má baà mú un. Wọ́n ti bu apá fún èmi àti ẹ̀gbọ́n mi nílé-ìwé. Ti àbúrò wa ló kù. Àǹtí sáré wọlé wá bá ìyá mi, ó ká apá aṣọ rẹ̀ sókè, ó fi ìka kan àpá tó wà níbẹ̀.

"Ìyá, wò ó. Èmi kékeré, wọ́n ṣe. Ọmọ yìí, wọ́n ṣe. Lónìí!"

Ìyá onílé fèsì láti orí àpótí rẹ̀. "Ulé tó ti tutù, ta ní í lọ gba iná wá sínú rẹ̀? Ohun tí wọ́n ń hà sí wọn lápá yẹn, ọmọ ìyá òun náà ni."

Ìyá mi wo Àǹtí, ó wo ìyá onílé. Ẹ má rò pé òmùgọ̀ ni ìyá mi. Ó ka ìwé, ó ń kọ́ àwọn ọmọdé ní Bíbélì. Ṣùgbọ́n ọkọ rẹ̀ kò sí nílé, ogun ń jà, ó sì ti ṣe ohun tí àgbà ní kó ṣe. A ti da yànmọ̀tí nù. Kí ló tún kù tí ilẹ̀ gbígbóná ń wá lọ́dọ̀ wa? Ó ní èrò pọ̀ jù lórí ìlà, ó ní, "A ó lọ lọ́la." Nígbà tó di ọ̀la, àwọn oníṣẹ́ ìlera ti kọjá lọ sí Ìjù.

Ibà ló kọ́kọ́ mú àbúrò mi. Lẹ́yìn náà, ara rẹ̀ sú jáde. Wọ́n tẹ́ ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ fún un kí ara rẹ̀ má baà lẹ̀ mọ́ ẹní, wọ́n fi osùn pa á lára. Wọn kò jẹ́ kí èmi àti ẹ̀gbọ́n mi wọlé, ojú fèrèsé la ti ń wò ó. Àǹtí nìkan ló ń bá ìyá mi jókòó tì í. Ọmọ náà kọ ẹ̀kọ, ó kọ omi ọsàn, ó ní dúkà lòun ń jẹ.

Ìyá onílé ní, "Kò sí ohun tó jọ ọ́!"

Ìyá mi ní, "Ẹ má bínú, Ìyá. Ọmọ mi ni." Òun fúnra rẹ̀ ló dá iná. Ṣùgbọ́n yànmọ̀tí ti wà ní ìsàlẹ̀ ṣáláńgá, kò sì sí ẹni tó jẹ́ pàtẹ rẹ̀ lọ́jà nígbà tí ilẹ̀ gbóná. Ẹ̀pà, ìyèré àti iyọ̀ ni Àǹtí fi gún un. Ó fi díẹ̀ sí ọmọ náà láhọ́n. Ọmọ náà tọ́ ọ wò, ó ní, "Òun kọ́ nìyí."

Kò tún bèèrè mọ́. Ọ̀sán gangan ló kú, nígbà tí oòrùn wà lókè orí.

Wọn kì í sunkún ẹni tí ìgbóná bá pa. Ọpẹ́ ni wọ́n ń dá, kí ẹni tó mú un má baà bínú padà wá mú àwọn tó kù. Ìyá onílé jókòó ti ìyá mi, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú, ó ní, "Sọ pé o dúpẹ́. Ọmọ méjì ṣì kù fún ọ. Sọ ọ́." Ìyá mi sọ ọ́. Ojú rẹ̀ gbẹ bí amọ̀ inú ẹ̀ẹ̀rùn.

Àǹtí ni kò mọ̀. Ó bọ́ sí àgbàlá, ó tú ìborí rẹ̀, ó sì ké bí wọ́n ti ń ké ní ìlú tirẹ̀, igbe gígùn kan tí n kò gbọ́ irú rẹ̀ rí. Àwọn aládùúgbò dúró lókèèrè, wọ́n ń ṣe é ní ṣíọ̀. Ìyá onílé dìde láti lọ bò ó lẹ́nu. Ìyá mi ló fà á láṣọ.

"Ẹ fi í sílẹ̀, Ìyá. Èmi ni ẹ ní n kò gbọdọ̀ sunkún. Ẹ jẹ́ kó bá mi sun ún."

Ìyá onílé sì tún jókòó. Títí oòrùn fi rọ̀, ẹkún obìnrin yẹn nìkan là ń gbọ́ nínú ilé náà.

Wọ́n ti sin ọmọ náà kí bàbá mi tó rí ọkọ̀ wá láti Oǹdó. Ó bèèrè ohun kan ṣoṣo: "Ṣé ẹ bu apá fún un?" Kò tún bèèrè mọ́ títí ayé rẹ̀. Kí òjò tó dé, Àǹtí àti ọkọ rẹ̀ padà sí ìlú wọn. Ìyá mi kò gún dúkà mọ́.

Nígbà tí mo dé yunifásítì, mo ka ìwé nípa àrùn náà. Mo rí i pé ìgbóná kò mọ yànmọ̀tí yàtọ̀ sí ẹ̀wà. N kò sọ ọ́ fún ìyá mi. Kí ni mo fẹ́ kó fi ṣe? Ayé ti yí padà. Wọ́n ti lé àrùn náà kúrò ní gbogbo ayé, àwọn ọmọbìnrin kéékèèké ń kiri yànmọ̀tí nínú oòrùn ẹ̀ẹ̀rùn, kò sẹ́ni tó ń bá wọn wí. Inú mi dùn sí i. Ó kàn jẹ́ pé ó pẹ́ kó tó dé ọ̀dọ̀ wa.

Bàbá mi ti kú. Ìyá mi kú lẹ́yìn rẹ̀, ní Oǹdó, lórí ibùsùn ara rẹ̀. Ìyá onílé kú kí ogun tó parí, wọ́n ti wó ilé náà, ilé epo ló wà níbẹ̀ báyìí. Ọkọ Àǹtí, n kò mọ̀. Àǹtí fúnra rẹ̀, bó bá wà láàyè, á ti di arúgbó kùjọ́kùjọ́. Ẹ̀gbọ́n mi wà ní Oǹdó, kò ríran mọ́, ṣùgbọ́n ó wà. Èmi náà wà. Kò sí fọ́tò ọmọ náà. Nígbà tí àwa méjèèjì bá lọ, kò ní sí ẹnìkan láyé mọ́ tó mọ bí ohùn rẹ̀ ti rí.